Di Stéfano: Bí ẹgbẹ́ méjì ṣe ra ọkùnrin kan ṣoṣo, tí orílẹ̀-èdè mẹ́ta sì ń pè é ní tiwọn

Bí a bá ń dárúkọ àwọn àgbà agbábọ́ọ̀lù tó jáde láti Gúúsù Amẹ́ríkà, Pelé àti Maradona ló máa ń kọ́kọ́ bọ́ sí ni lẹ́nu, Messi á sì tẹ̀lé wọn. Ẹ̀yìn ni Alfredo Di Stéfano máa ń wà, bí wọ́n bá tilẹ̀ rántí rẹ̀. Ìtàn rẹ̀ kò lọ tààrà, ìyẹn ló sì ń da ọ̀rọ̀ rẹ̀ rú mọ́ ọ̀pọ̀ èèyàn lójú. Wọ́n á ní ó gbá bọ́ọ̀lù fún Ajẹntínà, ó gbá fún Kòlóńbíà, ó tún gbá fún Sípéènì. Wọ́n á ní Barcelona ló rà á, Real Madrid ló lò ó. Wọ́n á ní ó gba ife ẹ̀yẹ ilẹ̀ Yúróòpù lẹ́ẹ̀marùn-ún léraléra, síbẹ̀ kò fẹsẹ̀ kan bọ́ọ̀lù rí nínú ìdíje ife àgbáyé.

Gbogbo rẹ̀ jọ àhesọ, bẹ́ẹ̀ òótọ́ pọ̀ nínú rẹ̀, àfi ibì kan tí a máa tú wò tó bá yá. Ohun tó wà nídìí ọ̀pọ̀ nínú ọ̀rọ̀ yìí ni ìwé tí àwọn ẹgbẹ́ fi ń de agbábọ́ọ̀lù mọ́lẹ̀ láyé ìgbà náà. Ẹni tí kò bá mọ bí ìwé yẹn ṣe ń ṣiṣẹ́, kò sí bí a ṣe lè sọ ìtàn Di Stéfano fún un tó máa yé e.

Ọmọ Buenos Aires ni. Wọ́n bí i ní ọjọ́ kẹrin oṣù keje ọdún 1926 ní Barracas, àdúgbò àwọn òṣìṣẹ́. Ẹgbẹ́ River Plate ló ti kọ́ṣẹ́, ó sì bá àwọn àgbà wọn gbá bọ́ọ̀lù fún ìgbà àkọ́kọ́ ní 1945. Ṣùgbọ́n iwájú River Plate nígbà yẹn kì í ṣe ibi tí ọmọdé ti lè ráyè. Muñoz, Moreno, Pedernera, Labruna àti Loustau, àwọn márùn-ún tí gbogbo Ajẹntínà ń pè ní La Máquina, ìyẹn ẹ̀rọ, ni wọ́n fi ń sọ̀rọ̀ níbẹ̀. Wọ́n yá Di Stéfano fún ẹgbẹ́ Huracán ní 1946. Nígbà tó fi máa padà ní 1947, Pedernera ti kúrò, àyè sì ti ṣí sílẹ̀ láàárín. Ó gbá bọ́ọ̀lù 27 sáwọ̀n nínú líìgì ọdún náà, kò sí ẹni tó ju tirẹ̀ lọ, River Plate sì gba ife. Eré sísá rẹ̀ àti irun orí rẹ̀ tó ń dán bíi wúrà ni wọ́n fi sọ ọ́ ní La Saeta Rubia, ọfà onírun wúrà. Kí ọdún náà tó parí, wọ́n mú un lọ sí Guayaquil ní Ẹ̀kúádọ̀, níbi tí àwọn orílẹ̀-èdè Gúúsù Amẹ́ríkà ti ń du ife. Ó gbá ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ mẹ́fà, ó gbá bọ́ọ̀lù mẹ́fà wọlé, Ajẹntínà gba ife. Ọmọ ọdún mọ́kànlélógún ni. Ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ mẹ́fà yẹn náà ni gbogbo èyí tó gbá fún ilẹ̀ tí wọ́n ti bí i.

Kí ló dé tí kò tún gbá fún wọn mọ́? Ibí ni ọ̀rọ̀ ìwé ti bẹ̀rẹ̀. Bí agbábọ́ọ̀lù bá tọwọ́ bọ̀wé fún ẹgbẹ́ kan ní Ajẹntínà láyé ìgbà náà, ẹgbẹ́ yẹn ló ni ín. Bí ọdún tó wà nínú ìwé bá tilẹ̀ pé, kò lè gba ibòmíràn lọ àfi tí wọ́n bá yọ̀ǹda rẹ̀. Wọ́n lè tà á, wọ́n lè jókòó tì í, iye tí wọ́n bá sì fẹ́ ni wọ́n máa san fún un. Ọ̀rọ̀ yìí ló bí ìyanṣẹ́lódì ńlá tí àwọn agbábọ́ọ̀lù Ajẹntínà ṣe ní 1948. Wọ́n fẹ́ kí àwọn aláṣẹ gba ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ tí wọ́n dá sílẹ̀ wọlé, wọ́n fẹ́ kí owó oṣù ní ìwọ̀n tí kò gbọ́dọ̀ rẹlẹ̀ sí, wọ́n sì fẹ́ òmìnira láti kúrò ní ẹgbẹ́ tí ìwé wọn bá ti pé. Àwọn aláṣẹ kọ̀ jálẹ̀. Àwọn ọ̀dọ́ tí kò tíì dàgbà sínú iṣẹ́ náà ni àwọn ẹgbẹ́ kó wọ pápá láti fi parí líìgì ọdún yẹn. Nígbà tí ìjà yóò fi rọlẹ̀, àwọn àgbà agbábọ́ọ̀lù ti rí i pé ọwọ́ àwọn kò lè tẹ ohun tí àwọn ń fẹ́ nílé. Wọ́n wá ń wo ìta.

Kòlóńbíà ni wọ́n rí. Ní 1948, àwọn ẹgbẹ́ orílẹ̀-èdè náà dá líìgì olówó sílẹ̀ lábẹ́ àjọ tí wọ́n pè ní Dimayor. Dimayor àti Adefútbol, àjọ tí FIFA mọ̀ ní Kòlóńbíà, kò gbọ́ ara wọn yé, ìjà wọn le débi pé FIFA yọ orílẹ̀-èdè náà kúrò láàárín ẹgbẹ́ ní 1949. Ìyà ló yẹ kí èyí jẹ́, àbí? Ẹ wá wo ohun tó ṣẹlẹ̀. Òfin FIFA ló ń fi agbára mú ẹgbẹ́ tó bá fẹ́ agbábọ́ọ̀lù kan pé kó sanwó fún ẹgbẹ́ tó ni ín. Ẹni tí kò sí lábẹ́ òfin náà, kò sí ẹni tó lè dá a lẹ́jọ́. Ni àwọn ẹgbẹ́ Kòlóńbíà bá bẹ̀rẹ̀ sí í pe àwọn òǹgbá láti ibi gbogbo, wọ́n ń fún àwọn òǹgbá náà fúnra wọn lówó gidi, wọn kò sì fún ẹgbẹ́ tí wọ́n ti wá ní kọ́bọ̀. Ọkọ̀ òfuurufú ni àwọn agbábọ́ọ̀lù fi ń wọ Bogotá. Kódà wọ́n wá láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì: Neil Franklin tó ń dí ẹ̀yìn fún Stoke City àti Charlie Mitten ti Manchester United wà lára àwọn tó lọ bá ẹgbẹ́ Santa Fe ní 1950. Àwọn ará Kòlóńbíà ṣì ń pe àkókò náà ní El Dorado, ìgbà wúrà.

Alfonso Senior, olórí ẹgbẹ́ Millonarios ní Bogotá, ló kọ́kọ́ mú ẹja ńlá. Pedernera ló mú, Pedernera tí gbogbo ọmọ River Plate ń wò bí ẹ̀gbọ́n. Lẹ́yìn rẹ̀, ní oṣù kẹjọ ọdún 1949, Di Stéfano àti Néstor Rossi náà lọ bá a. River Plate kò gba owó kankan. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ rántí gbólóhùn yẹn, nítorí òun ló máa dá wàhálà sílẹ̀ ní Sípéènì lẹ́yìn ọdún mẹ́rin. Millonarios gba líìgì ní 1949, wọ́n gbà á ní 1951, 1952 àti 1953. Di Stéfano ló gbá bọ́ọ̀lù sáwọ̀n jù ní 1951 àti 1952.

FIFA kò lè fi ọwọ́ lẹ́rán títí. Ní 1951, wọ́n jókòó sí Lima, olú ìlú Pérù, wọ́n sì ṣe àdéhùn tí wọ́n ń pè ní àdéhùn Lima títí dòní. Kòlóńbíà á padà sínú FIFA. Àwọn agbábọ́ọ̀lù tí wọ́n kó láìsanwó lè wà ní Kòlóńbíà títí di oṣù kẹwàá ọdún 1954, lẹ́yìn èyí kí oníkálukú padà sí ẹgbẹ́ tó ni ín. Ìtumọ̀ èyí ni pé láti ìgbà náà, Di Stéfano ní olúwa méjì: Millonarios ló ni ín títí di òpin 1954, River Plate ló ni ín láti ìgbà náà lọ. Ìwé méjì, orí kan. Ọ̀pọ̀ àwọn tó ń jiyàn lórí Barcelona àti Madrid kì í dárúkọ Lima rárá, bẹ́ẹ̀ láìsí Lima, kò sí àríyànjiyàn kankan.

Ní oṣù kẹta ọdún 1952, Real Madrid ń ṣe àjọ̀dún àádọ́ta ọdún wọn. Wọ́n pe Millonarios wá, Millonarios sì na àwọn onílé 4-2 lójú ara wọn. Di Stéfano ló gbá méjì nínú rẹ̀. Láti ọjọ́ yẹn ni ojú Santiago Bernabéu, ààrẹ Madrid, ti wà lára rẹ̀. Ojú Josep Samitier tó ń bá Barcelona wá òǹgbá náà wà lára rẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà wá ká Barcelona lára nígbà tí àìsàn ẹ̀dọ̀fóró dá Kubala, ìràwọ̀ wọn, dùbúlẹ̀, tí wọn kò sì mọ̀ bóyá yóò tún lè gbá bọ́ọ̀lù mọ́.

Kí ọdún 1952 tó parí, Di Stéfano ti fi Millonarios sílẹ̀, ó sì padà sí Buenos Aires láìjẹ́ pé wọ́n yọ̀ǹda rẹ̀. Barcelona lọ bá River Plate, wọ́n dúnàádúrà, wọ́n sì fẹnu kò. Ní oṣù karùn-ún ọdún 1953, Di Stéfano kó aya àti ọmọ, ó balẹ̀ sí ìlú Barcelona. Ó tilẹ̀ wọ aṣọ wọn nínú ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ ọlọ́rẹ̀ẹ́sọ́rẹ̀ẹ́. Àmọ́ wọn kò tíì rí Millonarios yanjú. Raimundo Saporta, ọwọ́ ọ̀tún Bernabéu, gba ibẹ̀ wọlé: ó bá Millonarios sọ̀rọ̀, ó san owó tí wọ́n ń bèèrè, ó sì gba ìwé tiwọn fún Madrid.

Ẹni tó bá ti ra ilẹ̀ rí nílé wa á tètè mọ bí ọ̀rọ̀ yìí ṣe rí. Barcelona lọ ra ilẹ̀ lọ́wọ́ onílẹ̀, ṣùgbọ́n ẹnì kan wà lórí ilẹ̀ náà tí ìwé ìyágbé rẹ̀ ṣì ku bí ọdún kan àti oṣù díẹ̀. Madrid ra ìwé ìyágbé yẹn lọ́wọ́ ẹni tó wà lórí ilẹ̀. Barcelona kò lè wọlé báyìí, Madrid kò sì lè jókòó pẹ́. Ìwé àwọn méjèèjì dúró, kò sí ayédèrú nínú rẹ̀.

Àjọ bọ́ọ̀lù Sípéènì ní àwọn kò ní fọwọ́ sí i pé kí Di Stéfano gbá bọ́ọ̀lù láìjẹ́ pé River Plate àti Millonarios jọ fẹnu kò. Bí wọ́n ṣe ń fà á mọ́ ara wọn lọ́wọ́ ni ìjọba tún gbé òfin jáde ní oṣù kẹjọ pé kí ẹgbẹ́ kankan má ra àjèjì mọ́. Armando Muñoz Calero, ààrẹ àjọ bọ́ọ̀lù Sípéènì tẹ́lẹ̀, ni wọ́n wá fi ṣe onílàjà. Ìdájọ́ rẹ̀ ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1953 kò jọ èyí tí mo tún gbọ́ rí nínú bọ́ọ̀lù: kí àwọn ẹgbẹ́ méjèèjì pín ọkùnrin náà lò. Madrid á lò ó ní sáà 1953–54, Barcelona á lò ó ní 1954–55, á padà sí Madrid ní 1955–56, á tún padà sí Barcelona ní 1956–57. Lẹ́yìn ọdún mẹ́rin, kí wọ́n tún jókòó. Ẹ fojú inú wò ó: ẹni tó gbá bọ́ọ̀lù wọlé yín lọ́dún yìí ni ẹ ó máa pàtẹ́wọ́ fún lọ́dún tó ń bọ̀, ẹ ó sì tún kórìíra rẹ̀ lọ́dún kejì.

Inú bí àwọn ọmọ ẹgbẹ́ Barcelona gan-an. Enric Martí Carreto, ààrẹ wọn, fi ipò sílẹ̀ pẹ̀lú àwọn ìgbìmọ̀ rẹ̀. Àwọn tó gba àkóso fún ìgbà díẹ̀ kò fẹ́ ìpín kankan. Di Stéfano kò sì ṣe dáadáa ní àwọn ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ rẹ̀ ní Madrid, ara rẹ̀ kò tíì padà bọ̀ sípò lẹ́yìn oṣù púpọ̀ tí kò fi gbá bọ́ọ̀lù ìdíje. Kubala ti gbádùn. Barcelona ní kí Madrid dá owó àwọn padà, kí wọ́n máa mú un lọ. Madrid san án. Ní ọjọ́ 25 oṣù kẹwàá ọdún náà, Madrid na Barcelona 5-0, Di Stéfano sì wà lára àwọn tó gbá bọ́ọ̀lù wọlé.

Ṣé Franco, ọ̀gágun tó ń ṣàkóso Sípéènì nígbà náà, ló gbé e fún Madrid? Ìbéèrè yìí ni wọ́n máa ń bèèrè jù, mo sì fẹ́ dáhùn rẹ̀ láìfì síbì kan. Abẹ́ ìjọba Franco ni gbogbo eré ìdárayá wà ní Sípéènì nígbà náà. Àwọn tó gbé òfin kalẹ̀ lórí àwọn àjèjì, ìjọba ni wọ́n ń ṣiṣẹ́ fún. Nítorí náà, ẹni tó bá sọ pé ọwọ́ ìjọba kò kan ọ̀rọ̀ náà rárá kò sọ òótọ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀tọ́ Millonarios kì í ṣe ohun tí Franco hùmọ̀. Lima ni wọ́n ti kọ ọ́, FIFA ló sì fọwọ́ sí i ní ọdún méjì ṣáájú kí ọkùnrin náà tó dé Sípéènì. Barcelona mọ̀ pé Millonarios wà ńbẹ̀, wọ́n sì fojú di í. Ní tèmi, ìyẹn ni Madrid rí lò. Ìjọba kàn sọ ilẹ̀kùn tó ti ṣí di gbàgede ni.

Ohun tí Madrid rí gbà kò ṣe é fẹnu sọ tán. Láti 1933 ni wọn kò ti gba líìgì mọ́. Di Stéfano bá wọn gbà á lẹ́ẹ̀mẹjọ láàárín ọdún mọ́kànlá. Nígbà tí wọ́n dá ìdíje ife ilẹ̀ Yúróòpù sílẹ̀, Madrid ló gba márùn-ún àkọ́kọ́, láti 1956 dé 1960, Di Stéfano sì gbá bọ́ọ̀lù wọlé nínú àṣekágbá márààrún. Wọ́n fún un ní Ballon d'Or, àmì ẹ̀yẹ agbábọ́ọ̀lù tó dára jù ní Yúróòpù, ní 1957 àti 1959.

Nọ́ńbà 9 ló wà lẹ́yìn aṣọ rẹ̀, àmọ́ kì í ṣe irú atamátàsé tó máa ń dúró sẹ́nu àwọ̀n de bọ́ọ̀lù. Á sọ̀ kalẹ̀ wá gba bọ́ọ̀lù lọ́wọ́ àwọn tó ń dí ẹ̀yìn, á pín in ní àárín pápá, á pariwo mọ́ ẹni tó bá ń fẹsẹ̀ falẹ̀, á sì tún débẹ̀ kí bọ́ọ̀lù tó débẹ̀. Ẹ wo àṣekágbá 1960 ní pápá Hampden Park ní Glasgow, lójú èèyàn tó lé ní 127,000. Eintracht Frankfurt ti Jámánì ló kọ́kọ́ gbá bọ́ọ̀lù wọlé. Di Stéfano dá a padà, ó sì fi ìkejì lé e láàárín ìṣẹ́jú mélòó kan. Puskás, tí wọ́n jọ ń gbá bọ́ọ̀lù fún Madrid, wá gbá mẹ́rin tẹ̀léra. Nígbà tó di 6-1, Frankfurt rí ẹyọ kan gbá wọlé, ẹni tí ọ̀rọ̀ ti tẹ́ lọ́rùn ì bá ti rọra máa rìn. Wọ́n gbé bọ́ọ̀lù sáàárín, wọ́n tún bẹ̀rẹ̀, Di Stéfano gba bọ́ọ̀lù, ó ń sáré bọ̀ láti àárín pápá, ó fún ẹnìkejì, ó gbà á padà, ó sì ta á nílẹ̀ gbuurugbu sínú igun àwọ̀n. 7-2. Ọmọ ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ni lọ́jọ́ náà. Ó parí sí 7-3.

Ẹ jẹ́ ká wá padà sórí orílẹ̀-èdè mẹ́ta. Ti Ajẹntínà kò ní àríyànjiyàn. Ti Sípéènì náà kò ní: ó di ọmọ ilẹ̀ náà ní 1956, ó kọ́kọ́ gbá bọ́ọ̀lù fún wọn ní oṣù kìíní ọdún 1957, ó gbá mẹ́ta wọlé Netherlands lọ́jọ́ náà, àpapọ̀ tirẹ̀ fún Sípéènì sì jẹ́ góòlù 23 nínú ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ 31. Ti Kòlóńbíà ni mo sọ pé a máa tú wò. Ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ mẹ́rin ni wọ́n máa ń kọ sí i lọ́rùn níbẹ̀, FIFA kò sì ka ọ̀kankan nínú wọn sí ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ orílẹ̀-èdè sí orílẹ̀-èdè. Nítorí náà, bí a bá fẹ́ sọ ọ́ bó ṣe yẹ, orílẹ̀-èdè méjì ni, kì í ṣe mẹ́ta.

Méjì náà kò jẹ́ nǹkan ìyanu nígbà yẹn. Ẹni tó bá ti gba ìwé ọmọ onílùú lè gbá bọ́ọ̀lù fún ilẹ̀ tuntun. Puskás gbá fún Họ́ngárì, ó gbá fún Sípéènì. Santamaría gbá fún Úrúgúwè, òun náà gbá fún Sípéènì. Altafini bá Bùràsíìlì gba ife àgbáyé ní 1958, ó sì wọ aṣọ Ítálì ní 1962. Láàárín àwọn ọdún 1960 ni FIFA ti ilẹ̀kùn yẹn. Lónìí, Ademola Lookman lè bá àwọn ọ̀dọ́ England gba ife àgbáyé àwọn tí kò ju ọmọ ogún ọdún lọ ní 2017, kó sì wá wọ aṣọ Nàìjíríà ní 2022, nítorí pé kò tíì gbá fún àwọn àgbà England. Ká ní ó ti gbá mẹ́fà fún wọn nínú ìdíje ńlá bíi ti Di Stéfano ní Guayaquil, ọ̀rọ̀ ti parí.

Ó wá ku ife àgbáyé. Ní 1950, Ajẹntínà kò lọ nítorí ìjà tó wà láàárín àjọ bọ́ọ̀lù wọn àti ti Bùràsíìlì tó gbàlejò. Bí wọ́n tilẹ̀ lọ, Bogotá ni Di Stéfano wà, níbi tí òfin FIFA kò dé. Ní 1954, Ajẹntínà kò tún forúkọ sílẹ̀, òun náà kò sì tíì di ọmọ Sípéènì. Ní 1958, ó ti di ọmọ Sípéènì, ó sì ń gbá bọ́ọ̀lù bó ṣe dùn tó. Orílẹ̀-èdè kan ṣoṣo ló máa yege láti lọ sí ife àgbáyé nínú ìsọ̀rí wọn. Swítsàlandì bá wọn gbá ọ̀mì 2-2 ní Madrid, Skọ́tlándì sì nà wọ́n 4-2 ní Glasgow, lórí pápá Hampden Park yẹn kan náà. Sípéènì wá na àwọn méjèèjì 4-1 lẹ́yìn náà, àmọ́ Skọ́tlándì fi àmì ayò kan ṣoṣo jù wọ́n.

Èyí tó dùn mí jù ni ti 1962. Sípéènì yege, wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ mọ́ àwọn tó ń lọ sí Chílè, ó sì bá wọn lọ. Ó ti farapa kí ìdíje náà tó bẹ̀rẹ̀, ara náà kò sì yá. Czechoslovakia na Sípéènì 1-0, Sípéènì na Mẹ́síkò 1-0, wọ́n wá gbọ́dọ̀ na Bùràsíìlì tó ni ife lọ́wọ́. Sípéènì ló kọ́kọ́ gbá bọ́ọ̀lù wọlé lọ́jọ́ náà, Amarildo sì gbá méjì fún Bùràsíìlì, 2-1. Di Stéfano kò wọ pápá nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ó ku oṣù kan kó pé ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógójì, kò sì tún gbá bọ́ọ̀lù fún orílẹ̀-èdè kankan mọ́.